Ìgboro, Oko àti Ìlera: Àgbéyẹ̀wò Ìkúrò Nínú Làálàá Ìlú Ńlá

Kíkúrò ní ìlú ńlá lọ sí ibi tí afẹ́fẹ́ ti mọ́, tí igi pọ̀, tí ariwo kò sì sí, wà lára ìmọ̀ràn tó ti pẹ́ jù lọ tí àwọn oníṣègùn ń gba aláàárẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà túbọ̀ kan ọ̀pọ̀ èèyàn lónìí, nítorí ìgboro ni èyí tó pọ̀ jù nínú ọmọ aráyé ń gbé. Ní 1950, èèyàn 30 nínú 100 ló ń gbé ìlú ńlá lágbàáyé. Nígbà tí Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé ṣe ìṣirò ní 2018, wọ́n ti di 55, àjọ náà sì fojú díwọ̀n pé wọn yóò tó 68 ní 2050. Íńdíà, Ṣáínà àti Nàìjíríà ni ìṣirò náà sọ pé ìbísí yìí yóò ti pọ̀ jù.

Ìbéèrè mẹ́ta ló wà nínú ọ̀rọ̀ náà. Kí ni ìgboro ń ṣe sí ara? Kí ni igi, omi àti ilẹ̀ tó tẹ́jú ń ṣe fún un? Ta ló yẹ kó kó lọ, báwo ló sì ṣe yẹ kó lọ? Ohun tí ìtàn àti ìwádìí fi hàn ni pé àwọn nǹkan kan wà tí ìlú ńlá máa ń gbà lọ́wọ́ èèyàn: oorun, ìdákẹ́jẹ́, afẹ́fẹ́ tó mọ́, ìrìn ẹsẹ̀, àti àkókò pẹ̀lú ẹni ẹni. Bí ẹnì kan bá rí wọn gbà padà, ara rẹ̀ yóò jèrè, ì báà jẹ́ abúlé ló ti rí wọn tàbí àárín ìgboro. Ẹni tó bá sì kó lọ sí oko tí kò rí wọn níbẹ̀, kò tíì rí ohun tó ń wá.

Oko àti ilé láyé àtijọ́

Ìlú ńlá kì í ṣe àjèjì sí Yorùbá. Ogun ọ̀rúndún kọkàndínlógún, pàápàá lẹ́yìn tí Ọ̀yọ́ Ilé tú, lé ọ̀pọ̀ èèyàn wọ inú ìlú olódi. Ìbàdàn, tó bẹ̀rẹ̀ bí ibùdó ogun ní nǹkan bí 1829, di ìlú tó kún fọ́fọ́ láàárín ìran kan. Ìwé Ọ̀jọ̀gbọ́n Akin Mabogunje lórí ìdàgbàsókè ìlú ní Nàìjíríà, tó jáde ní 1968, wà lára àwọn iṣẹ́ tó jẹ́ kí ayé mọ bí irú ìlú bẹ́ẹ̀ ti pẹ́ tó ní ilẹ̀ Yorùbá.

Síbẹ̀, àwọn ará ìlú náà kò fi oko sílẹ̀. Baálé ní yàrá nínú agbo ilé rẹ̀ nígboro, ó sì ní ahéré ní aba. Oko etílé ló ń lọ láàárọ̀ tó ń bọ̀ nírọ̀lẹ́. Oko egàn ló ń lọ sùn fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan lásìkò iṣẹ́. Ọdún ìbílẹ̀, ìgbéyàwó, ìsìnkú àti ìpàdé ẹbí ló ń mú un wálé. Nígbà tí kòkó gbilẹ̀ ní ìparí ọ̀rúndún náà àti ìbẹ̀rẹ̀ èyí tó tẹ̀ lé e, aba àti abúlé túbọ̀ pọ̀, lílọ-bíbọ̀ náà sì ń bá a lọ.

Kò yẹ kí ẹnikẹ́ni fi ayé yẹn ṣe ayé ìdẹ̀ra. Iṣẹ́ oko le, ibà àti ṣànpọ̀nná ń pa tọmọdé tàgbà, kò sì sí oògùn tó dájú fún ọ̀pọ̀ àìsàn. Ohun tó dára nínú rẹ̀ ni ìtò rẹ̀: èrò àti ìdákẹ́jẹ́, ọjà àti igbó, iṣẹ́ àti ìsinmi ń gba ipò lọ́wọ́ ara wọn látìgbàdégbà. Iṣẹ́ owó oṣù ló gé ìtò náà. Òṣìṣẹ́ Èkó lè wà láàárín kọnkéré láti Oṣù Kìíní títí di Oṣù Kejìlá, kó jẹ́ pé Kérésì tàbí Iléyá nìkan ló ń gbé e lọ sílé.

Ohun tí àwọn oníṣègùn ti gbìyànjú

Ní Yúróòpù àti Amẹ́ríkà, ikọ́ ẹ̀gbẹ ló kọ́kọ́ mú kí àwọn dókítà máa rán èèyàn kúrò nílùú. Láàárín ọdún 1850 sí 1860, Hermann Brehmer dá ilé ìtọ́jú sílẹ̀ ní Görbersdorf, abúlé orí òkè kan tó wà ní Poland lónìí. Afẹ́fẹ́ òkè, oúnjẹ aṣaralóore àti ìrìn díẹ̀díẹ̀ ni ìtọ́jú ibẹ̀. Ní Amẹ́ríkà, ikọ́ náà kọ lu dókítà kan, Edward Livingston Trudeau, ó sì lọ sí igbó orí òkè Adirondack ní 1873. Ara rẹ̀ mókun níbẹ̀, òun náà sì dá ilé ìtọ́jú tirẹ̀ sílẹ̀ sí Saranac Lake ní àárín ọdún 1880 sí 1890. Àwọn aláìsàn a máa dùbúlẹ̀ sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ ìta fún ọ̀pọ̀ wákàtí, kódà nígbà òtútù, tí wọ́n á fi bùláńkẹ́ẹ̀tì bora.

Àwọn kan rí ìwòsàn níbẹ̀, ọ̀pọ̀ sì kú. Nígbà tí oògùn streptomycin dé láàárín ọdún 1940 sí 1950, tí àwọn mìíràn sì tẹ̀ lé e, ilé ìtọ́jú orí òkè wọ̀nyí pa ìlẹ̀kùn dé lọ́kọ̀ọ̀kan. Ẹ̀kọ́ ńlá ló wà nínú ìtàn yìí. Ibi tó tura lè ran ara lọ́wọ́ láti dìde, kò lè dípò oògùn fún àrùn tó ní oògùn.

Ní Japan, ìlera ẹni tí ara rẹ̀ dá, àmọ́ tí iṣẹ́ ti tán lókun, ni wọ́n gbájú mọ́. Ní 1982, Tomohide Akiyama, ọ̀gá àgbà iléeṣẹ́ ìjọba tó ń bójú tó igbó níbẹ̀, bẹ̀rẹ̀ sí í rọ àwọn aráàlú láti máa lọ rìn nínú igbó fún ìlera wọn. Wọ́n pe àṣà náà ní shinrin-yoku. Igbó Akasawa ní agbègbè Nagano wà lára ibi tó ti kọ́kọ́ gbilẹ̀. Kò sí eré sísá níbẹ̀, kò sì sí pé à ń du òkè. Èèyàn kàn ń rìn jẹ́jẹ́ láàárín igi, ó ń gbóòórùn ewé, ó ń gbọ́ ìró omi, ó ń jókòó nígbà tó bá wù ú.

Ohun tí ìgboro ń ṣe sí ara

Òṣìṣẹ́ tó ń gbé Ìbàfò tàbí Ìkòròdú, tí ọ́fíìsì rẹ̀ wà ní Erékùṣù Èkó, máa ń jí ní aago mẹ́rin ìdájí kí súnkẹrẹ-fàkẹrẹ tó bẹ̀rẹ̀. Èéfín dánfó àti tírélà ló ń fà símú, kọ̀ǹdọ́kítọ̀ ń kígbe, fèrè ọkọ̀ ń dún lọ́tùn-ún lósì. Nírọ̀lẹ́, yóò tún gba ọ̀nà kan náà padà. Bó bá fi máa délé ní aago mẹ́sàn-án alẹ́, jẹnẹrétọ̀ tirẹ̀ àti ti aládùúgbò ni yóò máa dún títí di òru, oorun wákàtí mẹ́rin sí márùn-ún ni yóò sì rí sùn kí ìdájí mìíràn tó pé.

Afẹ́fẹ́ ni ewu àkọ́kọ́. Báńkì Àgbáyé ṣírò pé afẹ́fẹ́ tó dọ̀tí fa ikú àìtọ́jọ́ èèyàn bí 11,200 ní Èkó ní ọdún 2018 nìkan, àwọn ọmọ tí kò tíì pé ọdún márùn-ún ló sì pọ̀ jù nínú wọn. Ọkọ̀, iléeṣẹ́ àti jẹnẹrétọ̀ ni ìròyìn náà tọ́ka sí bí orísun èéfín náà. Ẹ̀rún inú èéfín yìí kéré débi pé ó ń gba inú ẹ̀dọ̀fóró kọjá sínú ẹ̀jẹ̀, ibẹ̀ ló sì ti ń dá àrùn ọkàn àti rọpárọsẹ̀ sílẹ̀.

Ariwo ni èkejì. Bí etí bá tilẹ̀ ti mọ́ ọn lára, ara kò gbàgbé. Ẹni tó ń sùn lẹ́gbẹ̀ẹ́ títì kò ní jí, síbẹ̀ àyà rẹ̀ yóò máa yára lù bí tírélà bá kọjá. Ẹ̀ka Àjọ Ìlera Àgbáyé ní Yúróòpù dámọ̀ràn ní 2018 pé kí ariwo ọkọ̀ ojú títì, bí a bá pín in dọ́gba láàárín ọ̀sán àti òru, má kọjá ìwọ̀n decibel 53. Ariwo tó bá ju èyí lọ fún ọ̀pọ̀ ọdún ń pa kún àrùn ọkàn.

Ẹ̀kẹta ni ẹ̀jẹ̀ ríru. Ìwádìí kan tó jáde ní 1990 tẹ̀ lé àwọn ẹ̀yà Luo tó kúrò ní abúlé ní ìwọ̀-oòrùn Kenya lọ sí Nairobi láti ibẹ̀rẹ̀ pẹ̀pẹ̀. Kò tó oṣù díẹ̀ tí ìfúnpá ẹ̀jẹ̀ wọn fi ga ju ti àwọn tó kù sílé lọ. Ìtọ̀ wọn fi hàn pé iyọ̀ tí wọ́n ń jẹ ti pọ̀ sí i, èròjà tí èso àti ẹ̀fọ́ ń fún ara sì ti dín kù, ọkàn wọn náà sì ń yára lù. Irú ohun kan náà hàn nínú ìwádìí mìíràn tó jáde ní 1997, tó wo àwọn èèyàn tó jẹ́ ìran Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà ní oríṣiríṣi ibi. Ẹ̀jẹ̀ ríru wà lára 16 nínú 100 ní Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà, 26 ní erékùṣù Caribbean, àti 33 ní Amẹ́ríkà. Orírun wọn kò yàtọ̀. Ibùgbé, oúnjẹ àti ìgbésí ayé wọn ló yàtọ̀.

Ọkàn àti ọpọlọ ni ẹ̀kẹrin. Ní 2011, àwọn olùwádìí ní Jámánì gbé ìṣirò tó le ka iwájú àwọn èèyàn, wọ́n sì ń bá wọn wí bí wọ́n ti ń ṣe é, nígbà tí ẹ̀rọ ń ya àwòrán ọpọlọ wọn. Apá ọpọlọ tó ń ṣọ́ ewu ṣiṣẹ́ ju bó ṣe yẹ lọ lára àwọn tó ń gbé ìlú ńlá. Ẹni tí ìgboro tọ́ dàgbà sì tún ní àmì tirẹ̀ lọ́tọ̀ nínú ọpọlọ.

Ohun tí igi àti ilẹ̀ tútù ń ṣe

Ìwádìí tí àwọn èèyàn mọ̀ jù lórí èyí ni ti Roger Ulrich, tó jáde ní 1984. Ó yẹ ìwé ìtọ́jú àwọn tí wọ́n ṣe iṣẹ́ abẹ àpò òróòro fún wò ní ilé ìwòsàn kan ní Pennsylvania láàárín 1972 sí 1981. Ó fi àwọn 23 tí fèrèsé wọn kọjú sí igi wé 23 mìíràn tó jọ wọ́n, ṣùgbọ́n tó jẹ́ ògiri bíríkì nìkan ni wọ́n ń wò. Àwọn tó ń wo igi tètè lọ sílé, oògùn ìrora líle tí wọ́n lò kéré, ohun tí nọ́ọ̀sì kọ nípa wọn sì dára ju ti àwọn tó kù lọ. Wọn kò kúrò nínú wọ́ọ̀dù, wọn kò sì fọwọ́ kan ewé kan.

Ní Japan, wọ́n mú àwọn ọ̀dọ́kùnrin lọ sí igbó 24, wọ́n sì tún mú wọn lọ sí àárín ìlú kí wọ́n lè fi ibi méjèèjì wéra. Nínú igbó, cortisol, èròjà tó ń pọ̀ nínú ara lásìkò másùnmáwo, lọ sílẹ̀. Ìlù ọkàn dẹwọ́, ìfúnpá sì rọlẹ̀. Qing Li àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tún rí i pé ìrìn-àjò ọjọ́ mẹ́ta sínú igbó ń fún àwọn sẹ́ẹ̀lì tó ń gbógun ti àrùn lágbára. Àwọn tí wọ́n yẹ̀ wò kò pọ̀, nítorí náà ó yẹ kí a fi sùúrù gba àbájáde náà.

Àwọn ìwádìí tó tóbi náà wà. Ní Denmark, wọ́n yẹ àkọsílẹ̀ èèyàn tó lé ní 900,000 tí wọ́n bí láàárín 1985 sí 2003 wò. Àwọn tí igi àti koríko kò fi bẹ́ẹ̀ sí láyìíká wọn nígbà èwe fi ohun tó tó 55 nínú 100 wà nínú ewu àrùn ọpọlọ ju àwọn tó dàgbà láàárín rẹ̀ lọ, kódà nígbà tí wọ́n yọ ipò owó òbí àti bí ìlú ṣe tóbi tó kúrò nínú ìṣirò. Ní England, ìwádìí tó jáde ní 2019 lórí èèyàn bí 20,000 rí i pé àwọn tó ń lo ó kéré tán 120 ìṣẹ́jú lọ́sẹ̀ níbi tí igi tàbí omi wà máa ń sọ pé ara àwọn le. Kò sì ṣe nǹkan kan bí wọ́n lò ó lẹ́ẹ̀kan tàbí wọ́n pín in sí ọ̀nà púpọ̀. Irú ìwádìí bẹ́ẹ̀ kò fi hàn tán pé igi ló fa ìlera, nítorí ẹni tí ara rẹ̀ le ló sábà máa ń jáde. Síbẹ̀, bí oríṣiríṣi ẹ̀rí ṣe ń tọ́ka sí ibì kan náà mú kó ṣòro láti sọ pé asán ni.

Bó ṣe ń ṣiṣẹ́ nínú ara

Ara èèyàn ní ètò tó fi ń kojú ewu. Bí ewu bá yọjú, ọpọlọ yóò pàṣẹ kí adrenaline àti cortisol tú sínú ẹ̀jẹ̀. Àyà yóò máa lù kìkì, iṣan yóò le, oúnjẹ kò ní dà mọ́ bó ṣe yẹ. Ewu tó bá kọjá kíá kì í ṣe ara ní nǹkan. Ìgboro kì í jẹ́ kí ètò náà sinmi: fèrè ọkọ̀, ọ̀gá tó ń pè, owó ilé, àìsùn, ọ̀kan kò tíì lọ tí òmíràn fi dé. Ibi tó dákẹ́ ló ń fún ara láǹfààní láti mọ̀ pé ewu ti kọjá.

Ti ọkàn náà ní ọ̀nà tirẹ̀. Rachel àti Stephen Kaplan, nínú ìwé wọn tó jáde ní 1989, ṣàlàyé pé ìfọkànsí tí èèyàn fi ń ṣiṣẹ́ máa ń rẹ̀ ẹ́ bí iṣan ṣe ń rẹni. Ewé tó ń mì àti omi tó ń ṣàn ń gba ojú láìfi agbára gbà á, ìfọkànsí náà sì ń padà bọ̀ sípò. Ní 2015, ìwádìí kan ní Stanford lórí èèyàn 38 fi hàn pé ìrìn 90 ìṣẹ́jú láàárín koríko àti igi ń dín ríro ìròkurò nípa ara ẹni kù. Ìrìn tó gùn tó bẹ́ẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ títì tó kún fún ọkọ̀ kò ṣe bẹ́ẹ̀.

Ìmọ́lẹ̀ náà ní ipa tirẹ̀. Nínú ìwádìí kan tó jáde ní Amẹ́ríkà ní 2013, èèyàn mẹ́jọ pàgọ́ fún ọ̀sẹ̀ kan láìlo iná mànàmáná. Ara wọn bẹ̀rẹ̀ sí í múra oorun ní nǹkan bíi wákàtí méjì ṣáájú ìgbà tó máa ń ṣe bẹ́ẹ̀ nílé. Ojú àwọn ọmọdé pẹ̀lú ń jèrè: ní Guangzhou ní Ṣáínà, àwọn iléèwé tó fi 40 ìṣẹ́jú kún àkókò ìta lójúmọ́ ní àwọn ọmọ tí kò ríran jìnnà tó kéré lẹ́yìn ọdún mẹ́ta ju ti àwọn iléèwé tó kù lọ. Erùpẹ̀ àti ẹran ọ̀sìn náà ń ṣiṣẹ́ tiwọn. Ìwádìí láti Jámánì, Austria àti Switzerland fi hàn pé ikọ́ efée kò wọ́pọ̀ láàárín àwọn ọmọ tí wọ́n tọ́ dàgbà nínú oko ẹran, nítorí kòkòrò tíntìntín inú oko ń kọ́ ara wọn láti mọ ohun tó yẹ kó bá jà.

Àpẹẹrẹ Àró ní Abẹ́òkúta

Ilẹ̀ Yorùbá ní àpẹẹrẹ tirẹ̀, gbogbo ayé ló sì ti kọ́ ọgbọ́n lára rẹ̀. Ní 1954, Dókítà Thomas Adéoyè Lambo, ọmọ Abẹ́òkúta tó kọ́ ìmọ̀ ìṣègùn ọpọlọ ní Britain, gba iṣẹ́ ilé ìwòsàn alárùn ọpọlọ tuntun ní Àró. Àṣà ìgbà náà ni kí wọ́n ti irú aláìsàn bẹ́ẹ̀ mọ́lé. Lambo bá àwọn àgbà abúlé tó yí ilé ìwòsàn ká sọ̀rọ̀, wọ́n sì gbà kí aláìsàn gba yàrá lọ́wọ́ àwọn ará abúlé. Kò sí aláìsàn tó ń dá wá; ó kéré tán, ìbátan rẹ̀ kan gbọ́dọ̀ bá a gbé, kó máa se oúnjẹ fún un, kó sì máa mú un lọ gba ìtọ́jú.

Aláìsàn yóò jí láàárín àwọn èèyàn tó ń lọ sóko, yóò lọ gba oògùn lọ́wọ́ dókítà lọ́sàn-án, yóò padà sí abúlé, yóò bá wọn ṣiṣẹ́ ọwọ́ tàbí iṣẹ́ oko bí agbára rẹ̀ bá ṣe mọ. Lálẹ́, yóò bá wọn jókòó síta. Lambo tún pe àwọn oníṣègùn ìbílẹ̀ mọ́ iṣẹ́ náà. Ìpàdé àwọn oníṣègùn ọpọlọ ilẹ̀ Áfíríkà àkọ́kọ́ wáyé ní Abẹ́òkúta ní 1961, Lambo sì di igbákejì ọ̀gá àgbà Àjọ Ìlera Àgbáyé lẹ́yìn náà.

Àró fi hàn pé abúlé nìkan kọ́ ló ṣe ìwòsàn náà. Ìdákẹ́jẹ́ abúlé, iṣẹ́ tó ní ìtumọ̀, ìbátan tó wà nítòsí àti oògùn ilé ìwòsàn ló jọ ṣiṣẹ́ pọ̀. Bí a bá yọ ọ̀kan, ìyókù kò ní tó. Ìwádìí tí Lambo àti Alexander Leighton láti Yunifásítì Cornell ṣe lágbègbè Abẹ́òkúta, tó jáde ní 1963, sì rí àmì àrùn ọpọlọ láàárín àwọn ará abúlé pẹ̀lú. Ẹni tó bá rò pé ìrònú kò lè bá èèyàn lọ sí oko ń tan ara rẹ̀.

Ohun tó kù díẹ̀ káàtó ní abúlé

Ilé ìwòsàn ni àkọ́kọ́. Ọ̀pọ̀ abúlé ní ilé ìlera alábọ́ọ́dé tí dókítà kò sí níbẹ̀. Ẹni tí rọpárọsẹ̀ bá kọ lù nílò ìtọ́jú láàárín wákàtí díẹ̀, ọ̀nà oko tí ẹrẹ̀ kún lójò kò sì ní jẹ́ kó tètè débẹ̀. Aláboyún, ẹni tó ní ìtọ̀ ṣúgà, àgbàlagbà tí ọkàn rẹ̀ ti rẹ̀, gbogbo wọn nílò oníṣègùn nítòsí ju bí wọ́n ṣe nílò afẹ́fẹ́ òkè lọ.

Èkejì ni ibà. Nàìjíríà nìkan ló ní nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́rin gbogbo àìsàn ibà tó ń ṣẹlẹ̀ lágbàáyé, ó sì pọ̀ ní abúlé ju ìgboro lọ. Ẹni tó ti pẹ́ nígboro lè má fi bẹ́ẹ̀ ní agbára tí ara ará oko fi ń bá a jà. Ejò wà, oògùn oró ejò sì wọ́n. Omi kànga tí kò jinlẹ̀ lè ní àrùn. Èéfín igi ìdáná nínú ilé ìdáná tí kò ní fèrèsé ń ba ẹ̀dọ̀fóró jẹ́ gẹ́gẹ́ bí èéfín ọkọ̀ ṣe ń bà á jẹ́, oògùn apakòkòrò tí wọ́n ń fọ́n sí kòkó àti ẹ̀fọ́ sì léwu fún ẹni tí kò bá bo imú àti ọwọ́.

Ààbò ni ẹ̀kẹta. Ìjínigbé àti ìjà láàárín àgbẹ̀ àti darandaran lé ọ̀pọ̀ èèyàn kúrò lóko ní ilẹ̀ Yorùbá, débi pé àwọn gómìnà ìpínlẹ̀ mẹ́fẹ̀ẹ̀fà gúúsù ìwọ̀-oòrùn ṣí ẹ̀ṣọ́ Àmọ̀tẹ́kùn ní Ìbàdàn ní Oṣù Kìíní 2020. Ẹni tí ẹ̀rù ń bà lóru kò lè rí ìsinmi tó tìtorí rẹ̀ wá.

Ìdáwà ni ẹ̀kẹrin. Ẹni tó fi ọ̀rẹ́, ìjọ, ẹgbẹ́ àti ọmọ sílẹ̀ nígboro lè bá ara rẹ̀ nínú ilé tó dára tí kò sí ẹni tí yóò bá sọ̀rọ̀. Àwọn àgbà ní ẹnìkan kì í jẹ́ àwá dé. Owó náà kò ṣe é fojú fò: oko kì í tètè pèrè, ẹni tó bá kó lọ láìní ohun tí yóò máa jẹ yóò fi másùnmáwo owó rọ́pò ti súnkẹrẹ-fàkẹrẹ ni.

Ọ̀nà mẹ́ta tó wà

Ọ̀nà kìíní ni kíkó lọ pátápátá. Ó tọ́ sí ẹni tó ti fẹ̀yìn tì tí owó rẹ̀ sì ń wọlé déédéé, ẹni tó lè fi íntánẹ́ẹ̀tì ṣiṣẹ́, àti ẹni tí iṣẹ́ àgbẹ̀ ti mọ́ lára. Ìlú kéékèèké tó ní ilé ìwòsàn ìjọba, ọjà àti ọ̀nà tó dára sábà máa ń ṣe wọ́n lóore ju aba tó wà nínú igbó lọ. Níbẹ̀, oko kò ju ìrìn ìṣẹ́jú díẹ̀ lọ, dókítà náà kò sì jìnnà.

Ọ̀nà kejì ni lílọ-bíbọ̀, èyí tí àwọn baba ńlá ń ṣe. Ó bá ọ̀pọ̀ èèyàn mu, nítorí kò gba pé kí wọ́n fi iṣẹ́ sílẹ̀. Ìparí ọ̀sẹ̀ kan lóṣù ní ilé ẹbí tàbí oko etílé, tí fóònù wà ní pípa tí oorun sì pé, lè bẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Ibi ìsinmi náà kò wọ́n: ìsun omi gbígbóná Ìkògòsì ní Èkìtì, omi Olúmirin ní Ẹ̀rìn-Ìjẹ̀ṣà, òkè Ìdànrè, àti igbó Ọ̀ṣun ní Òṣogbo, tó jẹ́ hẹ́kítà 75 tí UNESCO sì fi kún ogún àgbáyé ní 2005. Ọ̀wọ̀ tí àwọn èèyàn ní fún òrìṣà ló pa igbó yẹn mọ́ nígbà tí ìlú yí i ká.

Ọ̀nà kẹta ni mímú igi wá sí ìgboro, òun ló sì kan àwọn tó pọ̀ jù, nítorí ọ̀pọ̀ kò ní ibòmíràn tí wọ́n lè lọ. Ní Philadelphia, wọ́n mú ilẹ̀ tó ṣófo 541, wọ́n kó pàǹtírí apá kan nínú rẹ̀ kúrò, wọ́n gbin koríko àti igi díẹ̀ síbẹ̀, wọ́n sì fi apá mìíràn sílẹ̀ bó ṣe wà. Gẹ́gẹ́ bí àbájáde tó jáde ní 2018 ti wí, ìrẹ̀wẹ̀sì ọkàn láàárín àwọn tó ń gbé nítòsí ibi tí wọ́n tún ṣe fi nǹkan bí 41 nínú 100 dín kù bí a bá fi wé ti àwọn tí wọn kò ṣe nǹkan kan sí àdúgbò wọn. Èkó ní Lekki Conservation Centre, tí Nigerian Conservation Foundation dá sílẹ̀ ní 1990 sórí hẹ́kítà 78, tí afárá orí igi rẹ̀ sì gùn tó mítà 401. Ìbàdàn ní ọgbà Agodi àti igbó ńlá inú ọgbà IITA, iléeṣẹ́ ìwádìí iṣẹ́ àgbẹ̀. Ní erékùṣù Shetland ní Scotland, àwọn dókítà ìjọba bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ìrìn etí òkun àti wíwo ẹyẹ sílẹ̀ fún aláìsàn pẹ̀lú oògùn rẹ̀ ní 2018. Kò sí ohun tó dí dókítà ilé ìlera Mushin tàbí Agége lọ́wọ́ láti ṣe bẹ́ẹ̀, bí ọgbà tí aláìsàn lè fẹsẹ̀ rìn dé bá wà.

Ohun tó yẹ láti yẹ̀ wò kí èèyàn tó kó lọ

Ilé là á wò kí a tó sọmọ lórúkọ. Ẹni tí àìsàn ń bá fínra gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ rí dókítà, nítorí orífífọ́ àti àárẹ̀ tó ń pè ní wàhálà Èkó lè jẹ́ ẹ̀jẹ̀ ríru tàbí ìtọ̀ ṣúgà. Kó má ṣe dá oògùn dúró nítorí pé ara tù ú lóko. Kó lọ gbé ibẹ̀ wò fún oṣù mélòó kan, lójò àti lẹ́ẹ̀rùn, kó tó ta ilé tàbí kọ̀wé fi iṣẹ́ sílẹ̀. Kó wádìí bí ilé ìwòsàn tó ní dókítà ṣe jìnnà tó, ibi tí omi mímu ti ń wá, bí òru ṣe rí, àti ohun tí ọmọ yóò fi lọ síléèwé. Kó ra àwọ̀n ẹ̀fọn tó lóògùn, kó sì mọ orúkọ aládùúgbò kó tó kó ẹrù dé.

Ẹni tí kò lè lọ náà ní ohun tó lè ṣe: wákàtí méjì lọ́sẹ̀ lábẹ́ igi, igi ẹyọ kan níwájú fèrèsé, oorun tó tó, ẹ̀fọ́ púpọ̀ sí i àti iyọ̀ díẹ̀ sí i, àti ìrìn ẹsẹ̀ lójúmọ́. Ìyókù wà lọ́wọ́ ìjọba. Mẹ́kúnnù tó ń gbé yàrá kan ní Ajégúnlẹ̀ kò lè ra ilẹ̀ lóko, kò sì yẹ kó ṣe bẹ́ẹ̀ kó tó rí afẹ́fẹ́ tó mọ́ fà símú. Iná mànàmáná tó dúró yóò pa jẹnẹrétọ̀, ọkọ̀ ìjọba tó ṣeé gbọ́kàn lé yóò dín èéfín kù, ọgbà tó ṣí sílẹ̀ fún gbogbo èèyàn ní ìjọba ìbílẹ̀ kọ̀ọ̀kan yóò fún ọmọdé níbi tí yóò ti ṣeré. Bẹ́ẹ̀ ni abúlé nílò dókítà, omi tó mọ́, ọ̀nà àti ààbò, kí ẹni tó bá yàn láti padà sóko má bàa fi ẹ̀mí rẹ̀ ra ìdákẹ́jẹ́ tó lọ wá.